Ilẹ̀ Tí Wọ́n Ní Kò Lẹ́ni

Àrùn ni ìfura jẹ́ lára mi láti kékeré. Bí ẹnìkan bá fún mi ní nǹkan tí n kò tọrọ, àfi kí n kọ́kọ́ yí i síwájú, kí n yí i sẹ́yìn. Ìyá mi a ní ojú mi kò ní jẹ́ kí n jẹ ọ̀fẹ́ láyé. N kò bá a jiyàn. Bóyá ìdí nìyẹn tí mo fi bọ́ sídìí lámèyítọ́, nítorí iṣẹ́ tí wọ́n ti ń fi oyè dá onífura lọ́lá kò pọ̀. Ohun tí wọ́n kọ́ wa ní yunifásítì ni pé bí ìwé bá ń bá ọ sọ̀rọ̀, kí o bi í pé ta ló rán an níṣẹ́.

Nígbà tí ìjọba alágbádá ṣẹ̀ṣẹ̀ padà dé, tí fóònù alágbèéká kò tíì wọ ọwọ́ gbogbo èèyàn, mo ń kàwé gboyè kejì n'Ìbàdàn. Ìtàn àròsọ tí àwọn onílẹ̀ àkọ́kọ́ ní Ọsirélíà kọ ni mo yàn láti ṣiṣẹ́ lé lórí. Àwọn ọ̀rẹ́ mi fi mí rẹ́rìn-ín. "Ọmọ Èkìtì, kí lo gbàgbé sí Ọsirélíà?" Ohun tó mú mi níbẹ̀ kò lọ́jú pọ̀. Àwọn òyìnbó gúnlẹ̀ sí etíkun àwọn èèyàn wọ̀nyẹn, wọ́n rí ọmọ aráyé, wọ́n rí èéfín oúnjẹ, wọ́n sì ń pe ibẹ̀ ní ilẹ̀ òfìfo, ilẹ̀ tí kò lẹ́ni. Ìtàn àwọn onílẹ̀ ni ìdáhùn sí irọ́ yẹn. Nínú ìtàn wọn, kò sí odò tí baba ńlá kan kò là, kò sí òkúta tí kò ní ẹni tó ni ẹ̀tọ́ àtisọ bó ṣe débẹ̀. Inú bí mi débi pé mo máa ń kùn nínú ilé ìkówèésí, ẹni tó bá jókòó tì mí a sì rọra kó ìwé rẹ̀ lọ sórí tábìlì mìíràn.

Alábòójútó mi, ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí kì í rẹ́rìn-ín, ka ohun tí mo kọ, ó sì yọ awò ojú rẹ̀. Ó ní, "O ti bínú bá ìlú onílùú tó. Ìwọ náà lọ wá ìtàn ìwáṣẹ̀ kan wá láti ilé yín, ká fi wé tiwọn." Mo fura pé ó fẹ́ fi iṣẹ́ mi kún tirẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n ẹni tí yóò buwọ́ lu ìwé èèyàn, a kì í ko ó lójú. Mo yá ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ lọ́wọ́ ọ̀rẹ́ mi kan, mo kọrí sílé.

Ìtapàjí ni ilé ìyá mi. Ìyá mi ti kú nígbà náà. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin ló kù, tíṣà àgbà tó ti fẹ̀yìn tì, tó ṣì máa ń ka Bíbélì sí ìjọ létí ní ṣọ́ọ̀ṣì Áńgílíkà. Bàbá ni gbogbo wa ń pè é. Òun nìkan náà ló kù tó ń sọ ìtàn bí ilé wa ṣe dé ibi tó wà. Mo wọ ọkọ̀ dé Ìkọ̀lé, mo gun ọ̀kadà láti ibẹ̀, eruku sì ti sọ irun mi di pupa kí n tó sọ̀ kalẹ̀. Àpò mi ni Bàbá kọ́kọ́ wò kó tó wò mí.

"Kí ọ fẹ́ fi ùtàn ulé wa ṣe?"

"Mo fẹ́ kọ ọ́ sínú ìwé ni, Bàbá."

"Àwọn òyìnbó kan wá síbí rí. Àwọn náà ní ìwé ni. A sọ fún wọn, wọ́n lọ, a kò gbúròó wọn mọ́."

"Bàbá, èmi kì í ṣe òyìnbó."

"Mo mọ̀ pé ọ kì í ṣe òyìnbó. Ohun tí mo bi ọ́ kọ́ nìyẹn."

Ọ̀rọ̀ náà dùn mí. Èmi tí mo fi gbogbo ọdún gbèjà àwọn tí wọ́n jí ìtàn wọn gbé, wọ́n wá ń wò mí bí ẹni tó wá jí adìyẹ! Ẹni tó gbà mí sílẹ̀ ni àkọ́bí Bàbá, ẹ̀gbọ́n mi tó ń ta sìmẹ́ńtì àti búlọ́ọ̀kù ní Ìkọ̀lé. Ó ní, "Bàbá, ẹ sọ fún un jàre. Ọmọ ulé náà ni." Ó gbé àga fún mi, ó rán èèyàn lọ ra ọtí ẹlẹ́rìndòdò. Òun fúnra rẹ̀ ló lọ ra bátìrì tuntun, n kò sì tọrọ bátìrì. Ó wá bi mí bóyá wọn yóò lu òǹtẹ̀ yunifásítì sára ìwé náà tí mo bá kọ ọ́ tán. Ọkùnrin tí kò ṣí ìwé mìíràn mọ́ láti ìgbà tó ti fi ilé-ìwé sílẹ̀! Mo fura. Ṣùgbọ́n mo fẹ́ ìtàn náà ju bí mo ṣe fẹ́ mọ ohun tó ń dun ẹ̀gbọ́n mi lọ, mo sì tẹ bọ́tìnnì.

Bàbá sọ ọ́ dáadáa, bí ẹni tó wà níwájú kíláàsì. Ó ní ogun lé àwọn baba wa, wọ́n sá dé etí odò, odò sì kún. Ìyá ńlá wa ru ìkòkò iná sórí, ó bẹ odò, omi fà sẹ́yìn, wọ́n sì kọjá. "Ìgbà tí wọ́n gòkè odò, wọn kò bá ẹnìkan níbẹ̀. Igbó ni, ẹranko ni. Àwa la kọ́kọ́ dáná lórí ilẹ̀ yìí." Ibẹ̀ ló ti dákẹ́. Ó tẹjú mọ́ mi. Mo rò pé ó ń sinmi ni.

Nígbà tí ìdákẹ́jẹ́ náà pọ̀ jù, mo ní, "Ẹ ṣeun, Bàbá. Ó dùn gan-an."

Ó ṣì ń wò mí fún ìgbà díẹ̀ sí i. Ó wá dìde, ó jáde lọ yí kòkó tó sá sójú oòrùn padà. Ẹ̀gbọ́n mi ló ń pàtẹ́wọ́.

Mo padà s'Ìbàdàn, mo jókòó láti da ìtàn náà kọ láti inú kásẹ́ẹ̀tì. Ìdákẹ́jẹ́ yẹn kò jẹ́ kí n sinmi. Mo yí kásẹ́ẹ̀tì sẹ́yìn léraléra. Ọ̀kadà kan kọjá níbẹ̀, adìyẹ ké, Bàbá kò sì sọ nǹkankan. Kì í ṣe ìdákẹ́jẹ́ ẹni tó rẹ̀. Ìdákẹ́jẹ́ tíṣà tó béèrè ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ ọmọ ilé-ìwé, tó sì ń retí ìdáhùn ni. Kí ló ń retí lọ́wọ́ mi?

Àsìkò yẹn gan-an ni mo ń kà nípa àṣà ìtàn sísọ ní Ọsirélíà. Mo bá a níbẹ̀ pé láwọn agbègbè kan, ẹni tó ni ìtàn láti ìdí baba kò gbọ́dọ̀ dá nìkan sọ ọ́. Àwọn tó bá ilé náà tan láti ìdí ìyá gbọ́dọ̀ wà níjòókòó. Àwọn ni olùṣọ́ ìtàn. Bó bá ṣì í sọ, àwọn ló lẹ́tọ̀ọ́ láti dá a dúró.

Mo ti ìwé náà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ìyá mi ló sọ sí mi lọ́kàn. Nígbà iṣu tuntun, tí gbogbo wa bá péjọ ní Ìtapàjí, Bàbá a máa sọ ìtàn yìí, ìyá mi a sì máa bẹ iṣu nítòsí. Láìgbójú sókè, ìyá mi a ní, "Kò rí bẹ́ẹ̀, Ẹ̀gbọ́n." Bàbá a padà sẹ́yìn, a tún un sọ. Àwa ọmọdé a máa rẹ́rìn-ín, a rò pé ẹnu ìyá mi ló mú. Ṣùgbọ́n kò sí ọkùnrin kan nínú ilé náà, bó ti wù kó dàgbà tó, tó jẹ́ dán irú ẹ̀ wò. Àwọn obìnrin tí wọ́n bí nílé náà àti ọmọ wọn nìkan ló máa ń sọ pé kò rí bẹ́ẹ̀. Mo rí i ní gbogbo ìgbà èwe mi, mi ò fi í pe nǹkankan.

Mo sì rántí ibi tí ìyá mi ti máa ń dá a dúró. Wọ́n bá èèyàn níbẹ̀. Àwọn tó wà lódìkejì odò ló sọ̀ kalẹ̀ wá sínú omi tó ṣẹ́kù, tí wọ́n pọ̀n wá, ọmọdé, àgbà, àti ìyá ńlá tòun ti ìkòkò iná rẹ̀. Ọmọ àwọn tó pọ̀n wá ló wà nínú agbo ilé kékeré tó wà nísàlẹ̀, lẹ́bàá odò. Ìdí nìyẹn tí ilé wa kì í fi jẹ iṣu tuntun kí tiwọn tó dé ọ̀dọ̀ wọn.

Ìtìjú àti ìbínú gbé mi lọ́wọ́ kan náà. Èmi tí mo fi gírámà na àwọn òyìnbó Ọsirélíà, irọ́ wọn gan-an ni mo gbọ́ lẹ́nu ẹ̀gbọ́n ìyá mi, tí mo ní ó dùn! Kí ló dé tí Bàbá fi sọ ọ́ bẹ́ẹ̀? Kò lè jẹ́ pé ó gbàgbé. Nígbà ọyẹ́, mo tún gba ọ̀nà ilé.

Ọlọ́kadà tó gbé mi láti Ìkọ̀lé ló tú àṣírí fún mi láìmọ̀. Ó bi mí ilé ẹni tí mo ń lọ, mo sọ fún un. Ó ní, "Háà, àwọn tó ń du ilẹ̀ ìsàlẹ̀ odò." Ó ní àwọn ọmọ ilé náà ti kó búlọ́ọ̀kù síbẹ̀, wọ́n ń sọ pé àtọ̀húnrìnwá làwọn tó ń gbé ìsàlẹ̀, pé baba ńlá ilé náà ló kọ́kọ́ bá igbó níbẹ̀. Ẹjọ́ ti dé ààfin. "Wọ́n ní ìwé kan ń bọ̀ láti yunifásítì, tí yóò là á yé gbogbo ayé."

N kò rí ọ̀nà mọ́. Èmi ni ìwé tó ń bọ̀ láti yunifásítì.

Ẹ̀gbọ́n mi ti ń dúró dè mí ní fàráńdà. Kò fi èmi àti Bàbá sílẹ̀ nìkan rárá. Bí mo bá lọ sẹ́yìnkùlé, a tẹ̀ lé mi. Ó ní kí Bàbá tún ìtàn náà sọ, kó ṣe kedere sí i, ní pàtàkì ibi tí wọn kò ti bá ẹnìkan. Bàbá ti rù. Ó jókòó pẹ̀lú ṣúwẹ́tà lọ́rùn, ó ń wo ẹ̀rọ tí mo gbé sórí tábìlì bí ẹni ń wo ọlọ́pàá.

"Ṣé kí n tún un sọ?" ló bi mí. Kì í ṣe ọmọ rẹ̀ ló bi.

"Ẹ sọ ọ́, Bàbá."

Ẹ̀rù bà mí bó ṣe ń sọ ọ́. Bí mo bá dákẹ́, ohùn yìí yóò dé ààfin, wọn yóò sì lé àwọn tó pọ̀n wá kúrò lórí ilẹ̀ wọn. Bí mo bá sọ̀rọ̀, ilé ìyá mi yóò pè mí ní ọ̀dàlẹ̀, n kò sì mọ ẹni tí n ó máa bẹ̀ wò ní Ìtapàjí mọ́. Mo tilẹ̀ fura sí ara mi. Bóyá mi ò rántí dáadáa. Bóyá àwọn ìwé tí mo ń kà ló wọ̀ mí lórí, tí mo ń fi ọ̀rọ̀ wọn sí ìyá mi lẹ́nu. Ogun lé wọn, wọ́n dé etí odò, omi fà sẹ́yìn.

"Ìgbà tí wọ́n gòkè odò, wọn kò bá ẹnìkan níbẹ̀," ni Bàbá wí. Ó dákẹ́. Ó tẹjú mọ́ mi.

"Kò rí bẹ́ẹ̀, Bàbá."

Ẹ̀gbọ́n mi na ọwọ́ sí ẹ̀rọ náà láti pa á. Bàbá fi ọ̀pá rẹ̀ lu tábìlì gbàù, ọwọ́ yẹn sì dúró lójú afẹ́fẹ́.

"Jẹ́ kó máa yí," ni Bàbá wí. "Ta ni wọ́n bá níbẹ̀?"

Mo sọ ọ́. Mo sọ bí wọ́n ṣe sọ̀ kalẹ̀ wá sínú omi, bí wọ́n ṣe pọ̀n wá, bí ìyá ńlá wa ṣe wà lẹ́yìn obìnrin kan tí kò mọ̀ rí, tí kò sì jẹ́ kí iná kú. Mo sọ ọ́ dópin pẹ̀lú ọ̀rọ̀ ìyá mi gan-an, omijé sì ń bọ́ lójú mi, n kò nù ún.

"Bẹ́ẹ̀ ló rí," ni Bàbá wí.

Ẹ̀gbọ́n mi fi ìbínú jáde. A gbọ́ bó ṣe ń tẹ ọ̀kadà rẹ̀ kó tó jí. Mo bi Bàbá pé kí ló dé tí kò fi sọ òtítọ́ fúnra rẹ̀ láti ìgbà àkọ́kọ́.

Ó ní, "Ìpàdé ulé ló ní kí n sọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Ọmọ mi ni gbogbo wọn, àwọn ni yóò sin mí. N kò lè takò wọ́n. Ìwọ nìkan ló kù tó lè takò mí."