Ọ̀kan Nínú Àwọn Ọmọ Wa Méjì

Òwúrọ̀ tí ìbọn kọ́kọ́ dún ní ìlú Bouaké, mo ń ṣí ṣọ́ọ̀bù mi ní àdúgbò Dougouba, níbi tí mo ti ń ta táyà àti ṣéènì alùpùpù. Mo rò pé táyà ló bẹ́. Nígbà tó dún lẹ́ẹ̀kejì, Làmídì tó ń ta abọ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi ti ilẹ̀kùn rẹ̀. Bí ọjà wa ṣe tú nìyẹn.

Mo kẹ́kọ̀ọ́ ìtàn ní yunifásítì ní Abidjan nígbà èwe mi. Ogun pọ̀ nínú ìwé tí mo kà, ṣùgbọ́n kò sí èyí tó sọ fún mi pé omi ẹ̀rọ ló máa ń kọ́kọ́ dá. Lẹ́yìn omi, oúnjẹ tán. Ìbẹ́pẹ tí kò pọ́n là ń sè jẹ. Títí dòní, mo ṣì ń rántí òórùn àtíékè, oúnjẹ ẹ̀gẹ́ wọn, àti ẹja díndín tó máa ń gba gbogbo àdúgbò nírọ̀lẹ́, kí ìbọn tó dé.

Àwọn tó gba ìlú wá ní kí ọ̀dọ́ tó bá fẹ́ jà wá sí pápá bọ́ọ̀lù. Bàtálíọ̀n tí wọ́n dá sílẹ̀ nìyẹn. Igi ni wọ́n fi ń kọ́ ìbọn yíyìn. Wàsíù ọmọ mi lọ, Ráṣídì ọmọ Làmídì sì tẹ̀ lé e. Àwọn méjèèjì nìkan ni Yorùbá níbẹ̀; Anago ni wọ́n ń pe Yorùbá lọ́dọ̀ wa.

"Bàámi, bí a ò bá jà," ni Wàsíù wí, "wọ́n á ní àlejò ni wá."

Làmídì wo ẹsẹ̀ wọn. "Sọ́jà onísílípáàsì! Ogun lẹ̀ ń lọ ni àbí ilé ìwẹ̀? Wàsíù, bá mi ṣọ́ Ráṣídì o."

"Bàbá Ráṣídì, òun ni kó ṣọ́ mi. Ṣebí òun ló ga jù."

A rẹ́rìn-ín. Ọkọ̀ akẹ́rù kó wọn lọ sí ọ̀nà Mamini. Lẹ́yìn náà, ìró ìbọn ńlá ń ti ìhà ibẹ̀ wá, ìkòkò ń mì lórí ààrò. Nígbà tó dáwọ́ dúró, ọ̀kan nínú ẹgbẹ́ wọn fẹsẹ̀ rìn padà, ó so apá kọ́rùn. Èdè Dioula ló fi bá wa sọ̀rọ̀.

"Ẹ mà kú ìrọ́jú o, bàbá. Anago kú."

"Anago wo?" Èmi àti Làmídì la jọ bi í.

"Mi ò mọ̀. Anago là ń pe àwọn méjèèjì. Èmi kọ́ ni mo rí i, ẹni tó sọ fún mi náà ti kú. Ìkejì sá wọ igbó."

Ogun parí. Mo bi gbogbo ẹni tó dé. Àwọn kan ní èyí tó ga ni, àwọn mìíràn ní èyí tó kúrú ni. Kò sí èyí tó padà nínú àwọn méjèèjì.

Lèmọ́mù ní ká kírun sí òkú tí a kò rí. "Orúkọ ta ni kí n pè?" ni ó bi wá. Ó ní òun á pe méjèèjì.

"Rárá," ni Làmídì wí. "Ọ̀kan ṣì wà láàyè."

A kò tíì kí ìrun náà. Tí mo bá ní kí Ọlọ́run dá tèmi padà, mo mọ ẹni tí mò ń gba tirẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. Làmídì náà mọ̀. A kì í sọ ọ́.

Wọ́n ti ń gbá bọ́ọ̀lù lórí pápá yẹn. Lẹ́yìn ìrun alásárì, àwa méjèèjì máa ń jókòó síwájú ṣọ́ọ̀bù mi, a ń mu tíì. Tí alùpùpù bá dúró lẹ́nu ọ̀nà, a óò máa wo ẹni tó gùn ún títí yóò fi ṣí akoto rẹ̀, ká lè rí ojú rẹ̀.