Rúlà Tí Mo Fi Wọn Ọ̀rẹ́ Mi

Níbikíbi tí mo bá ti gbọ́ òórùn òróró ẹ̀rọ ìránṣọ, ìsàlẹ̀ ilé wa ní Fẹ́sítáàkì ni ọkàn mi máa ń lọ. Ilé alájà mẹ́rin ni. Àwa ń gbé lókè pátápátá, ìyá ọ̀rẹ́ mi sì ń ránṣọ nínú yàrá iwájú ní ìsàlẹ̀, níbi tí ilẹ̀kùn kì í ti í wà ní títì láti àárọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́. Òróró yẹn, aṣọ tuntun tí wọ́n ń lọ̀ lọ́wọ́, àti ọṣẹ láti ara aṣọ tí a sá sẹ́yìnkùlé, àwọn ló para pọ̀ di òórùn ọ̀rẹ́ mi. Kì í dáhùn kíákíá. Bí o bá bi í ní nǹkan, á kọ́kọ́ wo ojú rẹ, á wo ilẹ̀, lẹ́yìn náà ni ìdáhùn á wá jáde, bíi pé ó ti gé etí rẹ̀ dọ́gba kó tó fi í sílẹ̀. Ìyá rẹ̀ a máa sọ pé kí ọmọ òun tó dáhùn, òun á ti rán apá aṣọ kan tán.

Lọ́dún tí a wọ kíláàsì karùn-ún girama, mo ra ìwé kan nípa ọpọlọ lọ́wọ́ ẹni tó ń ta ìwé àlòkù ní Alákijà, n kò sì sinmi mọ́. Ìwé náà ní kí èèyàn di rúlà mú ní òró, kí ẹlòmíràn ṣí àtàǹpàkò àti ìka tó tẹ̀ lé e sílẹ̀ nísàlẹ̀ rẹ̀, kí ẹni àkọ́kọ́ wá jọ̀wọ́ rẹ̀ lójijì. Ibi tí ọwọ́ bá ti gbá rúlà mú ló máa sọ bí ọpọlọ ṣe yára tó. Bí ó bá já ogún sẹ̀ǹtímítà, ìdá kan nínú márùn-ún ìṣẹ́jú-àáyá ni ọwọ́ fi dáhùn. Ìgbà ogún ni mo ń ṣe é fún ẹnì kọ̀ọ̀kan, n kì í sì í ka márùn-ún àkọ́kọ́ mọ́ ọn, torí ọwọ́ ò tíì mọ̀ ọ́n nígbà yẹn. Mo wọn gbogbo ará ilé wa. Ọ̀rẹ́ mi bẹ̀rẹ̀ sí í pè mí ní Pùrọ́fẹ́sọ̀.

Olùkọ́ tó ń kọ́ wa lẹ́yìn iléèwé ní Àmùwò-Ọ̀dọ̀fin, tí a ń pè ní Bọ̀dá, fẹ́ kó ẹni mẹ́rin lọ síbi ìdíje ìbéèrè kan ní àdúgbò Sátẹ́láìtì. Aago kékeré ló máa wà lórí tábìlì. Ẹni tó bá kọ́kọ́ tẹ tirẹ̀ ló máa dáhùn. Ẹni mẹ́ta ti dájú, èmi náà wà nínú wọn. Ọ̀rẹ́ mi àti ọmọkùnrin kan tí ẹnu rẹ̀ yá ló ku fún ipò kẹrin. Ọ̀rẹ́ mi fẹ́ ipò yẹn gan-an. Ìyá rẹ̀ tilẹ̀ ti rán síkẹ́ẹ̀tì búlúù kan fún un, ó ti gbé e kọ́ sára ògiri. Bọ̀dá ní kí n bá òun yàn, ṣebí èmi ni mò ń wọn ọpọlọ.

Ọmọkùnrin yẹn mú rúlà ní méjìdínlógún. Nínú yàrá ìránṣọ ni mo ti wọn ọ̀rẹ́ mi, lójú ìyá rẹ̀. Méjìdínlọ́gbọ̀n. Mo fi pẹ́ńsù fa ìlà síbẹ̀.

"Ọpọlọ ẹ ń falẹ̀," ni mo wí, bí ẹni ń sọ pé òjò ti dá.

Ẹ̀rọ ìyá rẹ̀ dúró. Ọ̀rẹ́ mi wo ojú mi, ó wo ilẹ̀. "Ó dáa," ló sọ. Ọmọkùnrin yẹn la mú.

Ó tẹ̀ lé wa lọ sí Sátẹ́láìtì lọ́jọ́ náà. Ó wọ síkẹ́ẹ̀tì búlúù rẹ̀, ó sì jókòó sáàárín àwọn òǹwòran. Ọ̀mì la wà nígbà tí ìbéèrè tó kẹ́yìn dé: "Egungun mélòó ló wà nínú…" Mo tẹ aago. Mo ní igba ó lé mẹ́fà. Olùbéèrè ní òun kò tíì parí ọ̀rọ̀. Nínú ọwọ́ kan ṣoṣo ni òun fẹ́ béèrè. Ẹgbẹ́ kejì dáhùn pé mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n, wọ́n sì gba ìdíje. Mo wo ọ̀dọ̀ ọ̀rẹ́ mi. Kò fi mí rẹ́rìn-ín. Ó ń fi ìka ọwọ́ òsì ka egungun ọwọ́ ọ̀tún lórí itan rẹ̀, n kò sì mọ ohun tí mò ń wò.

Lẹ́yìn ìyẹn a ṣì ń kíra, àmọ́ kò pè mí ní Pùrọ́fẹ́sọ̀ mọ́.

Nígbà tó di ìsinmi, ìyá rẹ̀ rí ṣọ́ọ̀bù sí Abẹ́òkúta. Mo bá wọn kó ẹrù sínú ọkọ̀ akẹ́rù kékeré kan. Bí a ṣe ń gbé tábìlì, ìgò òróró ẹ̀rọ yí kúrò lórí rẹ̀. Kí ojú mi tó tẹ̀ lé e, ọ̀rẹ́ mi ti gbá a mú lófuurufú. Ọwọ́ òsì ló fi gbá a mú. Ó wá gbé e bọ́ sí ọ̀tún kó tó nà án sí mi.

Mo dúró gbagidi. Mo bi í pé ṣé ọlọ́wọ́ òsì ni, kí ló dé tó fi ọ̀tún mú rúlà.

Ó wo ilẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀. "Pùrọ́fẹ́sọ̀, ṣé kí n fi òsì gba nǹkan lọ́wọ́ ẹ níwájú màámi ni?"

Gbogbo ìgbà ogún yẹn, òsì ló kọ́kọ́ ń fẹ́ jáde. Ó ń dá a dúró, ó ń rán ọ̀tún. Ẹ̀kọ́ ilé ni mo wọn, mo sì pè é ní ọpọlọ.

Ohun tí mo ṣe nígbà náà ni mò ń rò títí dòní. Ó yẹ kí n bẹ̀ ẹ́. Mo ní kó dúró dè mí, mo sáré gun àtẹ̀gùn lọ mú rúlà, kí n tún un wọ̀n. Rúlà náà wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, ó pẹ́ kí n tó rí i. Nígbà tí mo fi máa sọ̀ kalẹ̀, ọkọ̀ ti ń yà sí títì, mo kàn rí ẹsẹ̀ tábìlì tó dojú kọ òkè. N kò ní nọ́ńbà kankan tí mo lè pè. N kò sì rí i mọ́.

Mo ti kàwé sí i láti ìgbà náà. Òótọ́ ni pé tí o bá wọn èrò rẹpẹtẹ, àwọn tó ń tètè dáhùn sábà máa ń ṣe dáadáa díẹ̀ sí i nínú ìdánwò ìrònú. Díẹ̀ ni, àmọ́. Bí ẹnì kan ṣoṣo bá dúró níwájú rẹ, ó kéré jọjọ ohun tí ìyẹn lè sọ fún ọ nípa rẹ̀. Láàárín méjìdínlógún àti méjìdínlọ́gbọ̀n tí mo fi gba ipò rẹ̀, ìyàtọ̀ náà kò tó ìdá kan nínú ogún ìṣẹ́jú-àáyá kan.

Rúlà náà ṣì wà lọ́dọ̀ mi, pẹ̀lú ìlà pẹ́ńsù lórí rẹ̀. Nísinsìnyí, bí mo bá bi èèyàn ní nǹkan, tó wo ojú mi, tó wo ilẹ̀, mo máa ń dúró dè é. Nígbà mìíràn ìdákẹ́jẹ́ yẹn á gùn débi tí n óò fi máa gbọ́ òórùn òróró ẹ̀rọ.