Ṣọ́ọ̀bù Iwájú Tí Wọ́n Fi Tan Gbogbo Wa

Ọjọ́ tí máníjà fà mí sẹ́yìn ilẹ̀kùn, tó ní èmi ni n ó gba ṣọ́ọ̀bù iwájú, ẹ̀rín ni mò ń rín sí iṣu títí ilẹ̀ fi ṣú. Àwọn oníbàárà ń wò mí bí ẹni tí nǹkan ṣe.

Ilé ọjà wa ní Peckham kò tóbi. Ìsọ̀ kéékèèké ló kún inú rẹ̀, ó há bí afárá oyin, obìnrin ló sì ni èyí tó pọ̀ jù. Iṣu, ọ̀gẹ̀dẹ̀ àti ẹja gbígbẹ ni mò ń tà. Alhaja Muìbátù, ẹgbẹ́ mi, ń ta ìbòrí àti tùràrí lápá ọ̀tún mi. Fúnmi, tí wọ́n bí sí London níbí, ń ta wíìgì. Aunty Sushila, ará Íńdíà, ló dojú kọ mi. Àwọn ló ń bá wa gé ṣòkòtò tó bá gùn jù, tí wọ́n ń pààrọ̀ síìpù tó bá ti kú. Wọ́n jù mí lọ dáadáa, síbẹ̀ èmi ni wọ́n ń bá ki òwú bọ abẹ́rẹ́.

Onílé fẹ́ tún ilé náà kọ́. Máníjà, òyìnbó tó ń bá a gba owó ṣọ́ọ̀bù, ló mú ìròyìn wá pé gbogbo wa yóò kó jáde, àti pé ìwọ̀nba díẹ̀ ni yóò padà wọlé. Lẹ́yìn náà ló wá ń yọ́ kiri láti ìsọ̀ dé ìsọ̀. Ohun tó sọ fún èmi ni pé bí mo bá fọwọ́ sí i pé n ó kó jáde láìjanpata, ṣọ́ọ̀bù iwájú tó kọjú sí títì, tèmi ni. Kí n má ṣáà sọ fún ẹnì kankan.

Ẹ gbọ́ ná, ṣé Yorùbá lèèyàn ń kìlọ̀ ìyẹn fún? A kì í pariwo oore tí kò tíì dọ́wọ́. Ẹni tó lóyún kò ní sọ, ẹni tó fẹ́ rìnrìn-àjò kò ní sọ, kí ayé má baà gbọ́. Ọkọ mi pàápàá, mo ní kó máa bá mi gbàdúrà. N kò sọ ohun tó ń gbàdúrà lé lórí fún un.

Aunty Sushila nìkan ló ń yọ wá lẹ́nu pé ká ṣèpàdé. Iṣẹ́ wọn nìyẹn láti ọjọ́ tó ti pẹ́. Ìyá wọn ń kiri ewébẹ̀ nílùú wọn, ọlọ́pàá a sì máa fi bàtà gbá agbọ̀n rẹ̀ dànù. Nígbà tí Aunty dàgbà, wọ́n kó àwọn obìnrin tó ń pàtẹ lẹ́bàá ọ̀nà jọ, wọ́n sọ wọ́n di ẹgbẹ́, títí ọlọ́pàá fi kọ́ bí a ṣe ń gba ẹ̀gbẹ́ agbọ̀n kọjá. Wọ́n tẹ̀lé ọkọ wọn dé London, wọ́n ń ránṣọ ní fakitiri, wọ́n tún kó àwọn aránṣọ jọ. Mo fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́ nígbà kan pé bí wọ́n bá dé ọ̀run, wọn yóò kó àwọn áńgẹ́lì jọ láti béèrè ìsinmi. Wọn kò rẹ́rìn-ín.

“Ṣé wọn kì í sinmi lọ́hùn-ún ni?” ni wọ́n bi mí.

Ọ̀nà tí wọ́n ń gbà ṣiṣẹ́ kò le. Ẹ jókòó yíká, ẹ má yan alága, kí olúkúlùkù sọ ohun tí ọ̀gá sọ fún un nígbà tó dá wà. Wọ́n ní ẹni tó bá fẹ́ ṣẹ́gun obìnrin, ọ̀kọ̀ọ̀kan ló ń mú wọn.

Ọ̀sán Sunday kan, a jókòó sórí páálí ọ̀gẹ̀dẹ̀ mi. Alhaja ń fa tẹ̀súbà, Fúnmi tẹjú mọ́ fóònù. Èmi tí ẹnu mi kì í dákẹ́, mo di odi.

“Èmi ni máníjà kò ṣèlérí kankan fún,” ni Aunty Sushila wí. “Ó ní mo ti darúgbó, kí n lọ sinmi. Bí ẹ ò bá sọ̀rọ̀, èmi ni n ó kọ́kọ́ jáde. Ẹ̀yin lẹ máa tẹ̀lé mi.”

Ọ̀rọ̀ yẹn wọ̀ mí lára. Mo mọ̀ pé bí mo bá sọ tèmi, ayé ti gbọ́, ṣọ́ọ̀bù iwájú ti lọ nìyẹn. Ṣùgbọ́n mo wo ìyá yìí, mo wo páálí tí wọ́n jókòó lé, ojú tì mí.

Mo ní, “Ó sọ pé èmi ni n ó gba ṣọ́ọ̀bù iwájú.”

Tẹ̀súbà Alhaja dúró. “Èwo nínú ṣọ́ọ̀bù iwájú?”

“Ti ojú títì.”

“Ìyá Káyọ̀dé, tèmi nìyẹn. Mo ti gbààwẹ̀ lé e lórí.”

Fúnmi gbójú sókè. “Alhaja, ẹ má bínú o, èmi ló fún. Mo ti yan ọ̀dà pink tí mo máa fi kùn ún.”

Báyìí ni àwọn tó kù náà bẹ̀rẹ̀ sí í nawọ́ bí ọmọ iléèwé. Mo ní a mà ti di orogún láìmọ̀, ọkùnrin kan ló fi yàrá kan ṣoṣo fẹ́ gbogbo wa. Alhaja rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀.

Láti ọjọ́ yẹn, kò sẹ́ni tó dá gbọ́ ọ̀rọ̀ lẹ́nu máníjà mọ́. Bó bá ti yà sí ìsọ̀ kan, gbogbo wa yóò gbé àpótí wa lọ, a ó jókòó yí i ká, a ó kí i dáadáa. Mo bi í pé, “Sà, ta lẹ fún ní ṣọ́ọ̀bù iwájú?” Ó ní ọ̀rọ̀ àṣírí ni. Aunty Sushila ní kò sí àṣírí mọ́ níbí, a kò ní fọwọ́ sí nǹkan kan, a kò sì ní kó jáde, àfi bí onílé fúnra rẹ̀ bá wá. Ojú máníjà pọ́n bí ata rodo.

Ó dọ́gbọ́n ìkẹyìn. Òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, kí àwọn yòókù tó dé, ó na kọ́kọ́rọ́ ṣọ́ọ̀bù náà sí mi, kọ́kọ́rọ́ gidi, ó ní kí n bẹ̀rẹ̀ sí í kẹ́rù síbẹ̀. N kò ní purọ́ fún yín, ọwọ́ mi yún mi. Lẹ́yìn náà ni mo rí Alhaja tó ń wọlé bọ̀.

Mo nahùn pè é. “Alhaja, yára o, máníjà tún ti ń wá ìyàwó.”

Máníjà kò rọ́nà gbà mọ́, ó ránṣẹ́ pe onílé. Nígbà tí onílé máa fi dé, àwọn oníbàárà wa tí a ké sí ti kún ẹnu ọ̀nà, láti Nunhead títí dé Aylesbury Estate, ará mọ́sálásí lápá kan, ará ṣọ́ọ̀ṣì lápá kejì. Bàbá náà jókòó sórí páálí ọ̀gẹ̀dẹ̀ bíi tiwa. Ó gbà pé wọn yóò tún ilé náà kọ́ ní apá kan-apá kan, kí ẹnikẹ́ni má jáde, ká sì jọ yan ẹni tí yóò gba ṣọ́ọ̀bù kọ̀ọ̀kan fúnra wa.

Ọjọ́ tí wọ́n parí apá iwájú, a kò tíì ṣílé tán tí èmi àti Alhaja fi gbé ẹ̀rọ ìránṣọ Aunty Sushila. Fúnmi gbé àga. Aunty ń sáré tẹ̀lé wa, wọ́n ń ké pé ibo là ń gbé e lọ, pé irú nǹkan báyìí, ìpàdé la fi ń ṣe é.

A gbé e kalẹ̀ sínú ṣọ́ọ̀bù iwájú, lójú títì, níbi tí oòrùn ti ń wọlé.

Mo ní, “Aunty, a ti ṣèpàdé. Ẹ̀yin nìkan la ò pè.”