Bí Mo Ṣe Fi Súlè Jọba ní Ẹ̀pẹ́

Ẹnu èmi yìí ló fẹ́rẹ̀ẹ́ gba ìyàwó lọ́wọ́ Súlè, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi. Nígbà tí a lọ tọrọ Múnírátù ní Ẹ̀pẹ́, bàbá rẹ̀, Múfú, bi mí pé kí ni Súlè ń ṣe nínú ẹgbẹ́ eré ìtàgé tó wà. Mo ní, "Òun ni ọba wọn." Bẹ́ẹ̀ Súlè ò jọba rí. Páàtì kéékèèké, ìyẹn ipa àwọn tó kàn ń wọlé tí wọ́n ń jáde, ni tirẹ̀ láti ọjọ́ tó ti débẹ̀. Àwọn Òyìnbó onísinimá pàápàá ti yà á rí. Ẹ̀yìn rẹ̀ nìkan ló hàn.

Àṣé ẹgbẹ́ wọn ń bọ̀ wá ṣeré ní Ẹ̀pẹ́. Bàbá Múnírátù ránṣẹ́ pé kí n wá, ká jọ wo ọba. Bí ọba ò bá jẹ́ Súlè, ọ̀rọ̀ ìyàwó bà jẹ́ nìyẹn.

Ìdájí ni mo rìn dé Èbúté Ìkòròdú. Ṣílè kan àti sísì ni wọ́n gbà lọ́wọ́ mi nínú ọkọ̀ ojú omi oníẹ́ńjìnnì. Àgbẹ̀ ni mí, ilẹ̀ tí kì í mì ni mo mọ̀. Àwọn ará Ẹ̀pẹ́ ní tiwọn ń sùn nínú ọkọ̀ bí ẹni wà lórí ẹní.

"Bàbá, ẹ dẹwọ́ lára pákó yẹn," ni awakọ̀ wí. "Bí ẹ bá fà á já, gbogbo wa la máa lúwẹ̀ẹ́."

"Mo ń bá yín dì í mú ni."

Oòrùn ti mú kí a tó gúnlẹ̀. Ní Ọjà Olúwo, níbi tí ìyá àgbà Múnírátù ti ń ta ẹja yíyan, ẹja tí à ń rà ní ṣílè méjì lọ́dọ̀ wa ń lọ ní ṣílè kan. Ìyá fi ìkọ́kọrẹ́ ẹlẹ́ja ṣe mí lálejò. Mo jẹ abọ́ méjì; ẹ̀rù ò kúkú ní kéèyàn má jẹun.

Lẹ́yìn ìrun Aláàsáárì, gbogbo wa jókòó sínú gbọ̀ngàn ilé ìwé kan. Aṣọ ìkélé ṣí, ọba yọ: ọkùnrin sísanra kan báyìí. Bàbá Múnírátù yíjú sí mi.

"Àna mi, Súlè dà?"

"Ẹ ní sùúrù. Ó ń bọ̀."

Ó sì wọlé lóòótọ́. Ó kọ́kọ́ ṣe ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà ààfin. Ó padà wá bí adẹ́mu tó ti mu ẹmu ara rẹ̀ yó. Ìgbà tó tún yọ, ó ti wé gèlè, ó di ìyá arúgbó tó ń bú ọba. Èmi tí mo gbé e pọ̀n rí, mo ń wo ẹ̀yìn rẹ̀ tó tẹ̀ kọ̀ǹdọ̀, mo ń bi ara mi pé ibo ló ti rí egungun yẹn rà. Bàbá Múnírátù rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀.

"Ta lẹni tó ń ṣe ìyá yìí?"

Mo fẹ́ tún purọ́, ẹnu kọ̀ fún mi. "Súlè ni. Adẹ́mu yẹn náà, Súlè ni. Ẹ̀ṣọ́ yẹn náà ńkọ́, òun ni. Kò jọba rí, èmi ni mo purọ́."

Ẹ̀rín kúrò lójú rẹ̀. "Ṣé ẹni tí wọn ò lè fi jọba nínú eré lásán lẹ fẹ́ kí n fọ́mọ fún?"

Ìyá àgbà, tó jókòó sẹ́yìn wa, ló gbá ọmọ rẹ̀ léjìká.

"Ìwọ náà lójú, wò ó dáadáa. Látìgbà tí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀, ọba yẹn ò dìde lórí ìjókòó. Súlè nìkan ló ń ṣiṣẹ́ nínú gbogbo ààfin yẹn. Ọkọ tó ń jókòó pọ̀ ní Ẹ̀pẹ́ yìí, Múfú. Fún èyí tó ń ṣiṣẹ́ lọ́mọ."