Dúró-ńbẹ̀ àti Ẹsẹ̀ Tó Ń Gbin Àgbàdo

Ohun yòówù tí o bá ń ṣe lọ́wọ́, gbé e sílẹ̀ ná, kí o gbọ́ èyí.

Obìnrin kan wà tí gbogbo wa ń pè ní Dúró-ńbẹ̀. Fíìmù ìgbésí ayé àwọn àgbẹ̀ ló máa ń yà, ẹnu rẹ̀ kì í sì í yé sọ pé, "Dúró ńbẹ̀, tún un ṣe." Àwọn àbúrò rẹ̀ a máa fi ṣe yẹ̀yẹ́ pé ọjọ́ tí ọkọ bá wá tọrọ rẹ̀, yóò ní kó padà sẹ́nu ọ̀nà kó tún wọlé.

Bàbá rẹ̀ ló kù lágbègbè wọn tó ń fi ẹsẹ̀ gbin àgbàdo. Bẹ́ẹ̀ ni, ẹsẹ̀! Gìgísẹ̀ á gbẹ́ ihò, ọwọ́ á ju hóró sí i, ọmọ ìka ẹsẹ̀ á wọ́ yẹ̀pẹ̀ bò ó, ẹsẹ̀ kejì á sì ti wà níwájú. Bàbá kì í bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, kì í ta okùn, síbẹ̀ ìlà rẹ̀ á gún gbọọrọ. Àmọ́ orúnkún ti ń yọ ọ́ lẹ́nu. Wọ́n ti fẹnu kò nílé pé katakata ni yóò gba oko náà lọ́dún tó ń bọ̀. Bí Dúró-ńbẹ̀ kò bá rí i yà lásìkò òjò yìí, ó parí nìyẹn.

Ilẹ̀ mumi tán, ó gbé kámẹ́rà lé igi ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta. Kó tó tún ojú kámẹ́rà ṣe, bàbá ti gbìn ín jìnnà.

"Bàbá mi, ẹ dúró ńbẹ̀. Ẹ padà wá tún un gbìn."

Bàbá ò tiẹ̀ wẹ̀yìn. "Ohun tó wọ ilẹ̀ ti sùn. Ta ní ń jí ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sùn?"

Ó bẹ̀ ẹ́ pé kó kàn ṣe bí ẹni ń gbìn, láìsí hóró. Nítorí ọmọ, bàbá gbìyànjú rẹ̀ létí oko, ni ẹsẹ̀ méjèèjì bá ń kọlu ara wọn bí ẹsẹ̀ ọ̀mùtí. Bàbá rẹ́rìn-ín títí, ó ní ẹsẹ̀ òun ò mọ irọ́ pa.

Báyìí, ìlà kan péré ló kù, òjò sì ti ṣú. Dúró-ńbẹ̀ bọ́ bàtà, ó yọ kámẹ́rà lórí igi, ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó gbé e sún mọ́ ilẹ̀, ó ń bá bàbá rìn lẹ́gbẹ̀ẹ́, ìṣísẹ̀ sí ìṣísẹ̀. Títí ìlà fi parí, obìnrin yẹn ò sọ "dúró ńbẹ̀" lẹ́ẹ̀kan. Òun Dúró-ńbẹ̀!

Nígbà tó ṣe tán, ó tan fíìmù náà sára ògiri pálọ̀, gbogbo ilé sì wò ó. Ẹsẹ̀ bàbá tóbi bí òpó, hóró ń já bọ́, yẹ̀pẹ̀ ń padé bí ìpéǹpéjú. Bàbá wo ògiri, ó wolẹ̀ wo ẹsẹ̀ tirẹ̀ lábẹ́ àga, ó tún wo ògiri. Ó nawọ́ sí ògiri.

"Dúró ńbẹ̀," ó ní. "Tún un ṣe."

Àgbàdo náà ti hù báyìí. Lọ dúró sí orí ìlà tí bàbá gbìn kẹ́yìn, di ojú kan, fi èkejì wò ó dé òpin, bóyá wàá rí ibi tó wọ́. Má gba tèmi gbọ́ o. Lọ wò ó.