Dámilọ́lá Tí Kò Dín Ọjọ́ Orí Rẹ̀ Kù

Bí ẹ bá rí ọkùnrin gíga kan tó ń sáré lórí iyanrìn ní etí òkun Fidjrossè ní àárọ̀ kùtù, tí ó fi aṣọ wé orúnkún ọ̀tún, Dámilọ́lá ọmọ àbúrò mi ni. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógójì ni. Mo mọ̀ pé àwọn agbábọ́ọ̀lù kì í sọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀ síta. Bí ẹ bá bi ẹgbẹ́ rẹ̀ kan ní Kútọnu pé ọmọ ọdún mélòó ni, yóò kọ́kọ́ wo ojú yín dáadáa bóyá ẹ mọ ìyá rẹ̀.

Ẹ̀yìn ni Dámilọ́lá ń gbá. Iṣẹ́ rẹ̀ ni pé kí ẹni tó ń bọ̀ má kọjá. Ó ti ṣe é fún ọdún méjìdínlógún ní ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù mọ́kànlá. Kò sí èyí tó sọ ọ́ di olówó nínú wọn, kò sì sí èyí tí wọ́n ti lé e nítorí ọ̀lẹ. Ohun kan ṣoṣo ló ń bá ayé fà látìgbà náà wá: kí wọ́n jẹ́ kó fi ọjọ́ orí tí Ọlọ́run fún un gbá bọ́ọ̀lù. N ó sọ bó ṣe bẹ̀rẹ̀, torí pé ọwọ́ mi wà níbẹ̀, ọwọ́ náà kò sì mọ́.

Abúlé kan lẹ́yìn Pobè ni àbúrò mi Ìyìnolúwa bí i sí, ní ọdún 1989. Olùkọ́ tuntun ni mí ní Pobè nígbà yẹn. Ọjọ́ mẹ́ta ṣáájú ni Sàrátù, ìyàwó alápatà tó wà nínú agbo ilé kan náà, bí Ràṣídì. Èmi ni mo gbé àwọn méjèèjì lọ́wọ́, ọ̀kan ní apá ọ̀tún, ọ̀kan ní apá òsì, tí mo ń bi wọ́n pé ta ni yóò kọ́kọ́ tọ̀ sí mi lára. Kò sẹ́ni tó lọ kọ orúkọ wọn sílẹ̀ ní ilé ìjọba. Ta ló ráyè? Ní 1992, ibà mú Ìyìnolúwa lọ. Ọmọ ọdún mẹ́ta ni Dámilọ́lá. Nígbà tí wọ́n gbé iṣẹ́ mi wá sí Kútọnu, mo mú un dání. Sàrátù àti ọkọ rẹ̀ náà wá ibí, wọ́n gba yàrá nítòsí wa, àwọn ọmọ méjèèjì sì jọ dàgbà lórí iyanrìn Fidjrossè pẹ̀lú bọ́ọ̀lù kan náà.

Ní 2007, mánájà kan wá láti òkè òkun. Ó ń wá àwọn ọmọ tí yóò kó lọ sí Faransé, ṣùgbọ́n kò fẹ́ ẹni tó ti pé ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ó rí Dámilọ́lá àti Ràṣídì lórí pápá, ó ní òun fẹ́ àwọn méjèèjì. Wọ́n ti pé méjìdínlógún. Irùngbọ̀n ti wà ní àgbọ̀n Ràṣídì.

Ní ilẹ̀ wa níbí, ẹni tí a kò kọ ìbí rẹ̀ sílẹ̀ máa ń lọ sí ilé ẹjọ́. Ẹlẹ́rìí méjì á dúró tì í, wọ́n á búra pé àwọn mọ ìgbà tí wọ́n bí i, adájọ́ á sì kọ ọ́. Sùpùlétíìfù là ń pe ìwé náà. Ibẹ̀ ni àwọn agbábọ́ọ̀lù ti máa ń padà di ọmọdé. Mánájà sọ fún wa pé ọdún mẹ́rin péré ni kí a yọ, kí a kọ 1993. Ó ní gbogbo ayé ló ń ṣe é.

Èmi ni ẹlẹ́rìí Dámilọ́lá. Èmi Adéjọkẹ́, tí mo ń kọ́ àwọn ọmọdé ní ẹ̀kọ́ ọjọ́ ìsinmi ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo ti gbààwẹ̀ ọjọ́ mẹ́ta kí ilẹ̀kùn lè ṣí fún ọmọ náà, nígbà tó sì ṣí, mo ní Ọlọ́run ni. Mo ti múra láti gbé ọwọ́ sókè kí n sì purọ́. Mo tilẹ̀ wọ aṣọ tí mo fi ń lọ gba oúnjẹ Olúwa.

Ràṣídì ló kọ́kọ́ wọlé lọ bá adájọ́. Ó ti fá irùngbọ̀n rẹ̀ kí ó tó wá, ó sì jáde tó ń fi ìwé náà fẹ́ ara rẹ̀. Ó ní, “Ọmọ ọdún mẹ́rìnlá ni mí o. Tàntí, ẹ fún mi ní mílíìkì.” Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Dámilọ́lá nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Ó yí sí mi.

“Tàntí, ọdún wo ni màmá mi kú?”

Mo ní, “1992.”

“Ọdún wo ni a fẹ́ kọ fún mi?”

Mo ti ṣe ìṣirò náà tẹ́lẹ̀ fún ìwé ilé ẹ̀kọ́, fún ọjọ́ orí, fún mánájà. N kò ṣe é fún àbúrò mi.

Ó ní, “Òkú ló bí mi nìyẹn.”

Bí wọ́n ṣe pè wá wọlé, kí n tó gbé ọwọ́ sókè, ó ti dá adájọ́ lóhùn: wọ́n bí òun ní 1989, òun ti pé méjìdínlógún. Adájọ́ wò ó, ó wò mí, ó kọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Kò gbà ju ìṣẹ́jú márùn-ún lọ.

Mánájà kò tilẹ̀ pariwo. Ó sọ fún mi pẹ̀lú ẹ̀rín pé kí n jẹ́ kí ọmọ mi lọ máa gbá bọ́ọ̀lù fún ẹgbẹ́ àwọn alàgbà ṣọ́ọ̀ṣì. Ó mú Ràṣídì lọ. Ẹ sì jẹ́ kí n sọ èyí tó ń tì mí lójú jù: mo bínú sí Dámilọ́lá. Èmi tí mo ń kọ́ wọn ní òfin mẹ́wàá, inú bí mi sí ọmọ tó pa ọ̀kan mọ́. Ọ̀sẹ̀ méjì gbáko ni mo fi ń gbé oúnjẹ síwájú rẹ̀ láìwo ojú rẹ̀.

Àwòrán Ràṣídì bẹ̀rẹ̀ sí í dé láti Faransé. Ràṣídì nínú òjò dídì. Ràṣídì pẹ̀lú ìbọ̀wọ́. Sàrátù á gbé e wá fi hàn mí, màá ní kí Ọlọ́run ṣe èyí tó kù. Ẹnu mi ń yin Ọlọ́run, ṣùgbọ́n inú mi ń bi í ní ìbéèrè kan: èwo nínú àwọn ọmọ méjì yìí ló gbọ́ràn sí ọ lẹ́nu?

Dámilọ́lá ní tirẹ̀ lọ sí Porto-Novo, ó lọ sí Parakou níbi tí orí akẹgbẹ́ rẹ̀ ti fọ́ ọ nímú, ó lọ sí Lomé. Ó gbá ọdún méjì ní Niamey nínú ooru tí ó ní bàtà ń lẹ̀ mọ́ ilẹ̀. Ní Gabon, ẹgbẹ́ náà túká láàárín ọdún, ó sì fi ọkọ̀ ojú omi padà wálé. Gòólù mẹ́ta ló gbá wọlé láti ìgbà tó ti ń gbá bọ́ọ̀lù, ọ̀kan nínú wọn sínú ilé tiwọn. Bí ìdíje bá ti parí, á wọ ẹ̀wù àwọn ọlọ́kadà, á máa gbé èrò káàkiri Kútọnu. Èrò á mọ̀ ọ́n, wọ́n á ní, “Ṣé kì í ṣe ìwọ ni ẹ̀yìn yẹn?” Á ní òun ni, ibo ni wọ́n ń lọ?

Ibi gbogbo tó dé ni wọ́n ti bi í ní ọjọ́ orí. Ibi gbogbo náà ló ti sọ ọ́. Ẹgbẹ́ méjì kò gbà á torí rẹ̀. Ọ̀kan ní kó lọ tún ìwé ṣe kó padà wá. Kò padà.

Ọdún méjì ni Ràṣídì lò ní Faransé kí wọ́n tó dá a padà. Òun náà ń ti ẹgbẹ́ kan bọ́ sí òmíràn látìgbà náà, bíi ti Dámilọ́lá, àfi pé nínú ìwé, ó fi ọdún mẹ́rin kéré.

Ní oṣù mélòó kan sẹ́yìn ni àwọn méjèèjì pàdé lórí àyè kan ṣoṣo. Alhaji Àyìndé, onímọ́tò ará Ṣakété tó jẹ́ ààrẹ ẹgbẹ́ kan nínú ìpele kìíní, ń wá ẹ̀yìn kan tó gbọ́n, tí yóò máa darí àwọn ọ̀dọ́. Ó ní kí àwọn tó bá fẹ́ wá sí pápá Ekpè ní ọjọ́ Sátidé. Mo bá Dámilọ́lá lọ. Mo gbé àga mi dání àti agbòòrùn.

Alhaji gba lísáńsì àwọn méjèèjì, ìyẹn ìwé tí agbábọ́ọ̀lù fi ń forúkọ sílẹ̀, ó kà á síta: Ràṣídì, méjìlélọ́gbọ̀n, Dámilọ́lá, mẹ́rìndínlógójì. Àsìkò yẹn gan-an ni Ràṣídì fi ọwọ́ gbá Dámilọ́lá ní ìpàkọ́, bí wọ́n ṣe máa ń ṣe láti kékeré, tó ní, “Orí ẹ ti ń pá o.”

Alhaji gbójú sókè. Àgbà tó mọ ohun tí àgbà jẹ́ ni. Ó ní, “Ìwọ ọmọ yìí, ṣé báyìí ni o ṣe ń ṣe sí ẹ̀gbọ́n rẹ? Ọdún mẹ́rin ló fi jù ọ́. Kí i dáadáa.”

Àwọn tó dàgbà ní Fidjrossè bo ẹnu. Ràṣídì wo Alhaji, ó wo lísáńsì tó wà lọ́wọ́ Alhaji. Kí ló fẹ́ sọ? Pé ọjọ́ mẹ́ta ni òun fi ṣe ẹ̀gbọ́n Dámilọ́lá? Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja lórí iyanrìn.

Dámilọ́lá fi ọwọ́ kàn án léjìká. Ó ní, “Dìde, àbúrò. Ọlọ́run á jẹ́ kí ìwọ náà dàgbà.”

Ràṣídì sọ sínú iyanrìn pé, “O ó san án.”

Látìgbà náà títí wọ́n fi bẹ̀rẹ̀, òun ló ń gbé àpò bọ́ọ̀lù, òun ni wọ́n ń rán lọ bu omi fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Mo tọrọ àforíjì lọ́wọ́ Ọlọ́run, mo tún rẹ́rìn-ín.

Wọ́n pín wọn sí ìhà méjì. Akẹ́kọ̀ọ́ kan láti Abomey-Calavi wà níwájú, ẹsẹ̀ rẹ̀ yá bí ti ẹtu. Alhaji ní kó gbá ìdajì àkọ́kọ́ kọjú sí Ràṣídì, kó gbá ìdajì kejì kọjú sí Dámilọ́lá. Ó kọjá Ràṣídì lẹ́ẹ̀mejì, gòólù kan wọlé. Dámilọ́lá kò bá a sáré rárá. Bí ọmọ náà bá ti gbé orí sókè láti wo ibi tí bọ́ọ̀lù máa bọ́ sí, á bá Dámilọ́lá níbẹ̀, bí ẹni tó ń dúró de ọkọ̀. Nígbà tó ku ogún ìṣẹ́jú, iṣan itan Ràṣídì fà, wọ́n gbé e jáde. Dámilọ́lá gbá a parí.

Alhaji pe àwọn méjèèjì. Ó sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́. Ó ní òun rí ohun tí òun rí, Dámilọ́lá ló dára jù, ṣùgbọ́n Ràṣídì ni òun máa mú, torí bí òun bá mú ẹni ọdún mẹ́rìndínlógójì, àwọn èrò ìwòran á ní òun ń ṣí ilé àwọn arúgbó.

Mo dìde lórí àga mi. Èmi ni mo gbé àwọn méjèèjì lọ́wọ́. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló kù lẹ́nu mi, ìwé Ràṣídì ì bá sì fà ya lójú gbogbo èèyàn. Ràṣídì rí mi. Ojú rẹ̀ rọ̀.

Dámilọ́lá náà rí mi. “Tàntí, ẹ jókòó. Ọjọ́ orí tèmi ni mo ń jẹ́rìí sí, n kì í jẹ́rìí sí ti ẹlòmíràn.”

Mo jókòó. Kò rọrùn fún mi.

Alhaji kò mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, àmọ́ àánú ṣe é. Ó fa Dámilọ́lá sún mọ́ra. Ó ní òun mọ ẹnì kan tó lè tún ìwé náà ṣe. Kó di mẹ́tàlélọ́gbọ̀n péré, ọdún mẹ́ta, kí ni ọdún mẹ́ta? Kó padà wá ní ọjọ́ Ajé, òun á mú àwọn méjèèjì.

Dámilọ́lá fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú. Ó ní, “Alhaji, ọdún mẹ́ta péré ni mo fi ní ìyá. Òun gan-an lẹ ní kí n yọ. Ẹ sọ fún àwọn èrò yín pé ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógójì ni mí. Bí ó bá ń tì wọ́n lójú, kí wọ́n gbé ẹni tó máa kọjá mi wá.”

Ó gba lísáńsì rẹ̀, ó gbé àga mi, a sì lọ wá ọkọ̀.

Ẹgbẹ́ kan ní Calavi, nínú ìpele kejì, ló gbà á lẹ́yìn náà. Ọ̀nà jìn, pápá burú. Àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì ní kí n wá jẹ́rìí ohun tí Ọlọ́run ṣe nípa ọmọ mi. Ẹ̀rí wo ni kí n jẹ́? Wọ́n fẹ́ gbọ́ pé ẹni tó sọ òtítọ́ lọ sí Faransé, ẹni tó purọ́ ṣubú. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ràṣídì ṣì ń gbá nínú ìpele kìíní. Mo ń bi Ọlọ́run nípa rẹ̀, kò tíì dá mi lóhùn, èmi náà kò sì tíì dìde lórí ìkúnlẹ̀ níwájú rẹ̀. N kò tún bẹ̀ ẹ́ fún ilẹ̀kùn ńlá mọ́. Mo ní kó bá mi tọ́jú orúnkún ọ̀tún yẹn.

Ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá, bó ṣe ń so okùn bàtà rẹ̀, mo bi í pé ìgbà wo ló máa fi bọ́ọ̀lù sílẹ̀.

Ó ní, “Ọjọ́ tí ẹnì kan bá kọjá mi lẹ́ẹ̀mẹ́ta nínú ìdíje kan, èmi fúnra mi ni n ó jáde. Wọn ò ní láti wo ìwé kankan.”

Mo ní, “Ṣé ẹnì kan ti kọjá ẹ lẹ́ẹ̀mejì rí?”

Ó dìde, ó fi ẹsẹ̀ janlẹ̀ kí bàtà lè wọ̀ ọ́ dáadáa. “Ọjọ́ Àìkú tó kọjá,” ó wí. “Ó gbìyànjú ẹlẹ́ẹ̀kẹta, ó bá mi níbẹ̀.”

Ó gbé àpò rẹ̀ kọ́, ó lọ.