Ọ̀sán Tí Ìyàwó Ilé Jáde ní Soundview

Iṣẹ́ ìtọ́jú àgbàlagbà ni mò ń ṣe ní Bronx. Nígbà kan, wọ́n rán mi sí ilé ìyá àgbà kan ní Soundview, ará Íńdíà, tí àrùn rọpárọsẹ̀ ti dá dùbúlẹ̀. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin, tó ń wa tákísí, àti ìyàwó ọmọ náà ni wọ́n jọ ń gbé. Ìyàwó yìí kéré lójú mi. Àbígbẹ̀yìn ìyá mi dàgbà jù ú lọ. Bí mo bá kí i, á kọ́kọ́ gbójú sókè wo igun àjà kó tó dá mi lóhùn. Ó pẹ́ díẹ̀ kí n tó mọ̀ pé kámẹ́rà ló wà níbẹ̀, àti pé ibikíbi tí ọkọ rẹ̀ bá wa mọ́tò dé, ó ń wò ó lórí fóònù.

Ìyàwó kò ní kọ́kọ́rọ́, kò ní fóònù, kò sì gbọdọ̀ dá jáde. Láàárọ̀ ọjọ́ kan, bí mo ṣe ń wẹ̀ fún ìyá àgbà ní balùwẹ̀, níbi tí kámẹ́rà kò dé, ló bá yọ́ wọlé bá wa. Ọrùn ọwọ́ rẹ̀ ti wú. Ó fi ìwọ̀nba òyìnbó tó gbọ́ sọ fún mi pé, "Ẹ jọ̀ọ́, tí mo bá kú síbí, ẹ bá mi sọ fún ìyá mi pé kì í ṣe àìsàn ló pa mí."

Ìyá àgbà wà láàárín wa, omi ń kán lára rẹ̀. N kò mọ̀ bóyá ó gbọ́.

Mo ní ká pe ọlọ́pàá, ó bẹ̀ mí pé kí n má ṣe bẹ́ẹ̀. Ọkọ rẹ̀ ti sọ fún un pé ìyàwó gan-an ni wọn yóò mú, tí wọn yóò sì dá padà sí ìlú tó ti wá. Èmi náà ẹ̀wẹ̀, pépà ìgbélùú mi kò tíì jáde nígbà yẹn. Ẹ̀rù bà mí, n kò sì pe ẹnikẹ́ni.

Ní Castle Hill tí mò ń gbé, ilé ìfọṣọ kan wà lẹ́bàá ilé wa. Obìnrin ará Íńdíà kan, tí irun orí rẹ̀ ti funfun, máa ń jókòó síbẹ̀ lọ́jọ́ Sátidé, bẹ́ẹ̀ kì í gbé aṣọ wá. Àwọn obìnrin ló ń bá sọ̀rọ̀. Àǹtí ni gbogbo wọn ń pè é, èmi náà sì ń pè é bẹ́ẹ̀. Mo bi í nígbà kan pé kí ló dé tó jẹ́ ibẹ̀ ló yàn.

Ó ní, "Bí ọkọ ṣe wù kó burú tó, ó ṣì ń fẹ́ wọ aṣọ tó mọ́. Ibí nìkan ni ọ̀pọ̀ wọn máa ń jẹ́ kí ìyàwó wọn dá wá."

Ní abúlé rẹ̀ lọ́hùn-ún, ó ti bímọ kó tó mọ ìwé kà. Nígbà tó wá mọ̀ ọ́n, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ àwọn obìnrin ẹgbẹ́ rẹ̀, títí àwọn kan fi dáná sun yàrá tí wọ́n ń lò. Ó wá yàrá mìíràn. Ó ń sọ ọ́ bí ẹni ń sọ bí wọ́n ṣe ń se ọbẹ̀.

Mo ro ẹjọ́ ìyàwó Soundview fún un. Mo ní, "Àǹtí, ẹ̀rù ọkùnrin yẹn ń bà mí."

"Ó yẹ kó bà ọ́. Ṣùgbọ́n má fa ìyàwó yẹn jáde tipátipá o. Bi í bóyá ó fẹ́ lọ. Bó bá ní rárá, a ó dúró."

Mo bi í ní balùwẹ̀. Ó mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni.

Ọ̀sán ni a yàn, nígbà tí ọkọ rẹ̀ ti gbé èrò lọ sọ́nà jíjìn. Àǹtí àti àwọn obìnrin mélòó kan ń dúró nísàlẹ̀. Ìyàwó wọ bàtà, ó dé ẹnu ọ̀nà, ó sì dúró bí igi. Bí kámẹ́rà ṣe ń wò ó, ó ṣe mí bíi kí ilẹ̀ lanu gbé mi mì. Ìyá àgbà bá ké látorí bẹ́ẹ̀dì, ó sọ gbólóhùn kan ní èdè wọn. Mo ní ó tán, ó fẹ́ pe ọmọ rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìyàwó ṣílẹ̀kùn, mo sì sìn ín sọ̀kalẹ̀. Àwọn obìnrin náà gbà á sáàárín, wọ́n sì rìn lọ. Kò sí ẹni tó sáré.

Èmi ní láti padà sókè. A kì í fi aláìsàn sílẹ̀ lóun nìkan. Mo jókòó ti ìyá, mo ń fi ṣíbí fún un lómi.

Ọkùnrin náà já wọlé. Ó ti rí wa lórí fóònù. Ó dúró tì mí, mo ń gbọ́ èémí rẹ̀.

"Níbo lo mú un lọ?"

Mo ń wo ọwọ́ rẹ̀.

Ìyá àgbà, tí kò bá mi sọ ju ọ̀rọ̀ kan méjì lọ rí, fi òyìnbó sọ ọ́ kí èmi náà lè gbọ́: "Èmi ni mo ní kó máa lọ. Bàbá rẹ na èmi náà. Kò sẹ́ni tó ní kí n máa lọ."

Ọkùnrin náà gbá ife mọ́ ògiri. Lẹ́yìn náà ló lọ jókòó ní ilé ìdáná. Nígbà tí àkókò iṣẹ́ mi pé, mo kí ìyá, mo sì jáde. Orí àtẹ̀gùn ni mo ti bú sẹ́kún.

Kò pẹ́ tí wọ́n fi gba iṣẹ́ ilé yẹn lọ́wọ́ mi. Mo máa ń ronú nípa ìyá àgbà. N kò mọ bí ọmọ rẹ̀ ṣe ń ṣe sí i. Ìyàwó ti kúrò ní New York, ó ń ṣiṣẹ́ níbi tí wọ́n ti ń ṣe búrẹ́dì, ó sì ti bá ìyá rẹ̀ sọ̀rọ̀ fúnra rẹ̀.

Ẹnìkan tí kò sọ orúkọ ń pe Àǹtí lórí fóònù, ó ní òun mọ ilé rẹ̀. Mo rò pé ìhàlẹ̀ yìí kò já mọ́ nǹkan kan lójú Àǹtí. Ó na ọwọ́ rẹ̀ sí mi, mo sì rí i pé ó ń gbọ̀n. Láti ìgbà náà ni mo ti máa ń sìn ín délé ní ọjọ́ Sátidé. A ó di ara wa lápá mú, a ó máa bojú wẹ̀yìn. Ẹ̀rù ń ba àwa méjèèjì, a sì ń lọ.